Ojú ti yó, etí ń pebi: ìbéèrè yín lórí fíìmù ilé ẹni

Ẹ̀yin èèyàn mi, ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta o. Lẹ́tà tẹ́ ẹ fi ránṣẹ́ lóṣù yìí pọ̀ gan-an, àwọn kan ń bèèrè kámẹ́rà tówó ẹ̀ ò wọ́n, àwọn kan kàn ń kí mi lásán, mo jẹ́ ẹ. Mẹ́ta ni mo mú, torí pé iṣẹ́ ọwọ́ làwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ń ṣe látọjọ́, ọ̀kan ń kun kánfáàsì, ọ̀kan ń kọ pátákó, ọ̀kan ń gbẹ́ láínò, ìyẹn ohun pẹlẹbẹ tí wọ́n ń gbẹ́ àwòrán sí lára kí wọ́n tó tẹ̀ ẹ́ síwèé, kí wọ́n tó wá sọ pé fíìmù ilé ara àwọn làwọn fẹ́ máa yà báyìí. Ti Òkèlélé ló gùn jù, ibẹ̀ ni màá pẹ́ sí, ẹ gbà mí láyè.

"Àǹtí mi, àsàláámù aléékúm. Obìnrin ni mí, ọmọ ọdún 34, ayàwòrán ni mí, ọdún 11 rèé tí mo ti ń kun kánfáàsì. Ìyá tó bí màmá mi, ìkòkò ni wọ́n ń mọ ní Òkèlélé wa níbí, wọ́n ti lé ní ọgọ́rin ọdún, ojú wọn ti ń ṣe bàìbàì ṣùgbọ́n ọwọ́ wọn ò tíì kúrò nínú amọ̀. Màmá mi ò mọ ìkòkò rí o, aṣọ ni wọ́n ń tà ní tiwọn, èmi náà ò mọ ọ́n rí. Mo ti ya ìyá àgbà sórí kánfáàsì tó ẹ̀ẹ̀mẹ́sàn-án, wọ́n ń rà á, àmọ́ inú mi ò dùn sí i, ó ń ṣe mí bíi pé nǹkan kan wà lára wọn tí ọ̀dà ò lè gbé. Ìyẹn ni mo ṣe bẹ̀rẹ̀ sí í fi fóònù ká wọn. Mo ti ní fídíò wákàtí 14 báyìí, ó rẹwà, ṣùgbọ́n ọjọ́ kan tí mo jókòó pé kí n wò ó, oorun ló gbé mi lọ. Ẹnì kan ní kí n lọ ra kámẹ́rà ńlá. Ẹlòmíì ní kí n wá ẹni tó lóhùn dáadáa kó máa ṣàlàyé lábẹ́ ẹ̀ bíi ti tẹlifíṣọ̀n. Màmá mi sì ní ṣé n ò ní jẹ́ kí ìyá òun sinmi ni. Àǹtí, ṣé kí n kúkú padà sídìí kánfáàsì mi?"
Ọmọ Amọ̀kòkò, Òkèlélé, Ìlọrin

Wa aléékúm sàláàm, àbúrò mi. Má padà. Má sì ra kámẹ́rà ńlá kankan.

Mo ní kó o gé ìṣẹ́jú mẹ́wàá ránṣẹ́ sí mi lára wákàtí 14 yẹn, o sì fi ránṣẹ́, o ṣeun. Ẹ̀ẹ̀mejì ni mo wò ó. Nígbà àkọ́kọ́ mo la ojú, mo gbádùn ẹ̀. Nígbà kejì mo dijú, mo kàn ń gbọ́ ọ, ibẹ̀ ni mo ti rí i pé kò sí nǹkan kan níbẹ̀: atẹ́gùn ń lu fóònù, jẹ́nẹ́rétọ̀ ilé kejì ń pariwo, ìyá àgbà ń sọ̀rọ̀ bí ẹni tó wà nísàlẹ̀ kànga. Ohun tó mú oorun gbé ẹ nìyẹn o, kì í ṣe pé fídíò ẹ ò dáa. Ìmọ́lẹ̀ tó gba ẹnu ọ̀nà wọlé tó wá bà lé ẹ̀gbẹ́ ìkòkò yẹn, ẹnikẹ́ni tó bá rí i á mọ̀ pé ayàwòrán ló dúró sídìí kámẹ́rà. Ọdún 11 lo fi ń fún ojú ẹ lóúnjẹ. Etí ẹ lo gbàgbé.

Jẹ́ kí n fi ohun tó wà nínú fídíò ẹ gan-an hàn ẹ́. Ó níbi tí ìyá àgbà ti mú ìkòkò tí wọ́n ti sun tán, wọ́n fi ẹ̀yìn ìka kàn án, wọ́n gbé e sápá ọ̀tún, wọ́n mú òmíì, wọ́n kàn án, wọ́n gbé e sápá òsì. Bí wọ́n ṣe ń ṣe é lọ nìyẹn fún bí ìṣẹ́jú méjì. Ìwọ wá ń ya kí ni? Ojú wọn! Ojú tí ìwọ fúnra ẹ sọ pé ó ti ń ṣe bàìbàì! Iṣẹ́ tí wọ́n ń ṣe níbẹ̀, etí ni wọ́n fi ń ṣe é. Ìkòkò tó yè, ohùn ẹ̀ á dún gan-an bí agogo, èyí tó ti sán nínú, kódà kó jẹ́ pé o ò rí ojú ibi tó ti sán, ohùn ẹ̀ á kú ni. Ìyá yẹn ń fi etí ya gidi sọ́tọ̀ kúrò lára ayédèrú, òwò wọn dúró lórí ẹ̀, àwa tá a sì ń wo fídíò ẹ ò gbọ́ ìyàtọ̀ láàárín ìkòkò méjèèjì, torí pé fóònù ẹ jìnnà, jẹ́nẹ́rétọ̀ sì ti gbé gbogbo ẹ̀ mì. Tó o bá fẹ́ mọ nǹkan tí ọ̀dà ò lè gbé, mo rò pé òun nìyẹn.

Nítorí náà, owó kámẹ́rà ńlá yẹn, mú díẹ̀ nínú ẹ̀ ra máìkì kékeré tí wọ́n ń há mọ́ aṣọ, má ra olówó gọbọi, kí o sì ra hẹ́díìfóònù tó máa bo etí ẹ méjèèjì, kó o máa gbé e sétí nígbà tó o bá ń ká wọn, kì í ṣe ìgbà tó o bá délé. Tí máìkì ò bá tíì ṣeé rà, fóònù àtijọ́ kan tó wà nílẹ̀, tan ibi tí wọ́n ti ń ká ohùn sílẹ̀ lórí ẹ̀, fi sórí itan ìyá àgbà tàbí kó o fi ìbòrùn wọn bò ó díẹ̀, ohùn tó máa jáde níbẹ̀ á ju ti fóònù tó wà lọ́wọ́ ẹ lọ fíìfíì. Pàtẹ́wọ́ lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo níwájú fóònù méjèèjì kó o tó bẹ̀rẹ̀, ibi tí àtẹ́wọ́ yẹn bá ti dún lo máa fi so wọ́n pọ̀ nínú láptọ́ọ̀pù. Pa fáànù, pa fíríìjì. Tó o bá ń bẹ̀rù pé o máa gbàgbé tan fíríìjì padà kí ẹran wọn má baà bàjẹ́, ju kọ́kọ́rọ́ ilé ẹ sínú ẹ̀, o ò ní lè lọ láìpadà síbẹ̀, ọgbọ́n àwọn tó ń ká ohùn nìyẹn, kì í ṣe tèmi. Ní ti ìrun, má bá ladáànì jà, Ìlọrin lo wà, jẹ́ kó pè tán, jẹ́ kí ìyá lọ kírun, àmọ́ máìkì tó wà nílẹ̀ yẹn má pa á o, mo ti rí i pé ohun tí àwọn àgbà máa ń sọ lẹ́yìn ìrun máa ń tutù ju èyí tí wọ́n sọ ṣáájú ẹ̀ lọ.

Lẹ́yìn náà, wá ọjọ́ kan tó jẹ́ pé o ò ní ya àwòrán kankan. Ohùn nìkan. Bí wọ́n ṣe ń gún amọ̀, bí wọ́n ṣe ń fi ọwọ́ tútù na amọ̀ sórí ìdí ìkòkò àtijọ́ tí wọ́n dojú ẹ̀ délẹ̀, bí igi ṣe ń ta nínú iná lọ́jọ́ tí wọ́n bá ń sun ún. Tún ká ìṣẹ́jú kan tí ẹnikẹ́ni ò ní sọ̀rọ̀ nínú yàrá wọn, torí pé ìdákẹ́jẹ́ yàrá kan ò jọ ti òmíì, o máa nílò ẹ̀ láti fi dí àlàfo nígbà tó o bá ń gé fíìmù.

Ní ti ẹlẹ́nu dídùn tí wọ́n ní kó o lọ wá. Jọ̀ọ́, má ṣe bẹ́ẹ̀. Gbogbo ẹni tó bá fẹ́ ya Ìlọrin, ẹṣin ló ń yà, ṣebí oríkì wa náà ló sọ pé a ò léégún, ẹṣin leégún ilé wa, tó bá ti kúrò lórí ẹṣin, Òkèlélé ló ń já sí: amọ̀, igi, iná, ìkòkò, ó parí, ẹ ṣeun tẹ́ ẹ wò wá. Fíìmù yẹn ti pọ̀ nílẹ̀, àlejò náà lè ṣe é. Èyí tí àlejò ò lè ṣe ni èyí tó wà nínú gbólóhùn kan tó o sáré kọjá lórí ẹ̀ nínú lẹ́tà ẹ, pé màmá ẹ ò mọ ìkòkò rí, ìwọ náà ò mọ ọ́n rí. Kí ló dé? Ta ló kọ̀, ìyá ni kò fẹ́ kọ́ ọmọ àbí ọmọ ni kò fẹ́ kọ́ ọ? Ìwọ tó o ya amọ̀ sórí kánfáàsì ní ẹ̀ẹ̀mẹ́sàn-án tó o sì tà á, kí ló dé tó ò tíì ti ọwọ́ bọ amọ̀ yẹn rí? Mi ò mọ ìdáhùn, ìwọ náà ò mọ̀ ọ́n, fíìmù nìyẹn.

Ó já sí pé màmá ẹ tó ń bínú yẹn, ọ̀tá fíìmù ẹ kọ́, àwọn gan-an ni àárín ẹ̀. Má bá wọn jiyàn. Lọ bá wọn ní ṣọ́ọ̀bù láìmú fóònù dání, bi wọ́n léèrè, kó o sì jẹ́ kí wọ́n sọ ọ́ tán. Tí wọ́n bá ní àwọn ò fẹ́ kí ojú àwọn hàn, bèèrè bóyá wọ́n á jẹ́ kó o ká ohùn àwọn, ohùn ìyá aláṣọ lórí àwòrán ọwọ́ tó ń mọ ìkòkò, haà, mo ti ń rí i níbi tí mo jókòó sí. Tí wọ́n bá kọ èyí náà, ó di kíkọ̀ nìyẹn, ìwọ ni wàá wá sọ ọ́ nínú fíìmù pé o bi wọ́n, wọn ò dáhùn.

Ohùn tìẹ náà gbọ́dọ̀ wà níbẹ̀. Má jókòó kọ ọ́ sílẹ̀, torí tó o bá kọ ọ́, gírámà ló máa ń dà. Tó bá di òru, wọlé, da aṣọ bo orí bí ẹní ń sunkún, kó o sọ ọ́ sínú fóònù bó o ṣe máa sọ ọ́ fún ọ̀rẹ́ ẹ, ní èdè Ìlọrin tó o fi ń sọ̀rọ̀ nílé. Àwọn tí kò gbọ́ Yorùbá á ka ìtumọ̀ tó o bá kọ sísàlẹ̀ àwòrán. Mo tún gbọ́ ẹ nínú ìṣẹ́jú mẹ́wàá yẹn, ẹ̀ẹ̀mẹta lo ní "ìyá àgbà, ẹ gbójú sókè díẹ̀ sí i," mo sì mọ̀ pé o máa fẹ́ gé e kúrò kí ó lè mọ́. Má gé e! Ọmọọmọ tó ń sọ fún ẹni tójú ẹ̀ ti ń ṣe bàìbàì pé kó gbójú sókè kí ìmọ́lẹ̀ lè bà á dáadáa, ó burú, ó sì dùn, ìwọ náà nìyẹn.

Kì í ṣe ìwọ lo máa kọ́kọ́ gba ọ̀nà yìí. Steve McQueen, ọmọ ilé ẹ̀kọ́ iṣẹ́ ọnà ni, ọdún 1999 ló gba ẹ̀bùn Turner tí wọ́n ń fún àwọn oníṣẹ́ ọnà ní Gẹ̀ẹ́sì, kó tó wá di onífíìmù táyé mọ̀. Èyí tí mo fẹ́ràn jù ni Agnès Varda, ìyá kan ní Faransé, fọ́tò ló kọ́kọ́ ń yà. Nígbà tó máa fi di ọdún 2000, ó ti lé ní àádọ́rin ọdún, ó mú kámẹ́rà dígítà kékeré kan tí kò tó nǹkan, ó fi ọwọ́ kan gbé e, ó fi ń ya ọwọ́ ẹ̀ kejì tó ti hun jọ. Kámẹ́rà ńlá ò lè ṣe ìyẹn, èèyàn mẹ́rin ló máa gbé e.

Ìdí mìíràn tí mi ò ṣe fẹ́ kámẹ́rà ńlá nìyẹn. Agbo-ilé ni ẹ wà. Ó ṣeé ṣe káwọn ẹlẹ́hàá wà lọ́ọ̀dẹ̀ yẹn tí ọkùnrin onífíìmù kankan ò ní dé ọ̀dọ̀ wọn láéláé, ìwọ obìnrin pẹ̀lú fóònù lè jókòó tì wọ́n. Jókòó tì wọ́n o, mi ò ní kó o yà wọ́n. Lọ rí Mágàjí, olórí agbo-ilé yín, kó o tó tẹ̀síwájú, sọ ohun tó ò ń ṣe, kì í ṣe pé "mò ń ṣeré ni." Ìyá àgbà náà, béèrè lọ́wọ́ wọn níwájú máìkì, kó o sì tún béèrè lẹ́yìn tó o bá gé e tán, jẹ́ kí wọ́n jókòó gbọ́ ọ láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin. Torí kánfáàsì, tó ò bá fẹ́ràn ẹ̀, o máa ha ọ̀dà kúrò, kánfáàsì ò ní bínú. Èèyàn yàtọ̀.

Kí n má gbàgbé: wákàtí 14 yẹn, ṣé inú fóònù nìkan ló wà? Lónìí kọ́, nísinsìnyí, dà á sí dírááìfù méjì tí wọ́n ń kó fáìlì pa mọ́ sí, kí ọ̀kan má wà nílé kan náà pẹ̀lú èkejì. Ní ti ìwọ̀n àwòrán tó o máa yàn lórí fóònù, tó o bá ń yà á ní 4K, ìlọ́po mẹ́rin ti 1080 ni fírémù ẹ̀ kọ̀ọ̀kan, ìyẹn àwòrán kọ̀ọ̀kan tó para pọ̀ di fídíò, mẹ́mórì ẹ á kún kíákíá, 1080 tó fún ẹ. Tó o bá ti ká ìkòkò yẹn pẹ̀lú máìkì, fi ìṣẹ́jú mẹ́wàá míì ránṣẹ́ sí mi. Màá dijú gbọ́ ọ ná.

"Àǹtí, ẹ ṣé tẹ́ ẹ̀ ń là wá lójú. Pátákó ni mò ń kọ, fíìmù nípa bàbá mi tó kọ́ mi níṣẹ́ ni mò ń ṣe. Tí mo bá yà á lálẹ́ lábẹ́ gílóòbù, ìlà dúdú dúdú ló máa ń gba inú ẹ̀ kọjá. Mo tún fẹ́ fi orin dadakúàdà tí bàbá mi fẹ́ràn sí i, mo sì fẹ́ lọ ya àwọn ère Ẹ̀sìẹ́ torí ibẹ̀ ni wọ́n kọ́kọ́ mú mi lọ tí mo fi ní kí n máa ya nǹkan. Tó bá parí, ibo ni kí n gbé e lọ?"
Oníbúrọ́ọ̀ṣì, Òmù-Àrán

Fóònù ẹ ò ní àrùn. Iná mànàmáná wa ń lọ ó ń bọ̀ ní ìgbà 50 láàárín ìṣẹ́jú àáyá kan, fóònù ẹ sì ń ya fírémù 30, wọn ò bára wọn mu. Yí i sí 25, kó o sì fi shutter, ìyẹn àkókò tí kámẹ́rà fi ń gba ìmọ́lẹ̀ sí fírémù kọ̀ọ̀kan, sí 1/50. Lórí iPhone, lọ sí ibi ètò kámẹ́rà, tan "PAL" kí 25 lè jáde. Tó bá jẹ́ Android, wo áàpù Blackmagic Camera, ọ̀fẹ́ ni. Tí gbogbo ẹ̀ bá sú ẹ, gbé bàbá sẹ́bàá fèrèsé lọ́sàn-án, oòrùn kì í ṣẹ́jú.

Orin dadakúàdà, gbàṣẹ. Kódà kí olórin ti kú, ẹ̀tọ́ orin tó kọ ṣì wà fún ọdún 70 lẹ́yìn ikú ẹ̀ lábẹ́ òfin wa, ẹni tó sì gbé àwo ẹ̀ jáde náà ní tiẹ̀ lọ́tọ̀. Ohun tí èmi máa ṣe ni pé màá ní kí bàbá kọ ọ́ lẹ́nu fúnra wọn nígbà tí wọ́n bá ń ṣiṣẹ́, kí wọ́n ṣì í kọ, kí wọ́n gbàgbé ìlà kan, kí wọ́n rẹ́rìn-ín. Ìyẹn náà ṣì ń fẹ́ àṣẹ o, ṣùgbọ́n tó o bá lọ bá àwọn ọmọ olórin pẹ̀lú èyí lọ́wọ́, ọ̀rọ̀ á yàtọ̀ sí tẹni tó fẹ́ da àwo wọn sábẹ́ fíìmù.

Ẹ̀sìẹ́ dáa. Òun ni mùsíọ́ọ̀mù tó kọ́kọ́ ṣí ní Nàìjíríà, ọdún 1945, ère òkúta tó wà níbẹ̀ lé ní 1,000. Kọ lẹ́tà ṣáájú, sọ pé fíìmù ni o, má lọ síbẹ̀ bí ẹni tó wá ṣàbẹ̀wò kó o wá fa kámẹ́rà yọ. Mú bàbá dání, má ya òkúta lásán bíi káàdì, jẹ́ kí wọ́n jókòó sáàárín wọn kí wọ́n sọ ọjọ́ yẹn fún ẹ, kó o gbọ́ bóyá bí ìwọ ṣe rántí ẹ̀ làwọn náà ṣe rántí ẹ̀.

Ibi tó o máa gbé e lọ: ìta ilé yín ni kó o kọ́kọ́ ta aṣọ funfun sí. Lẹ́yìn náà, àjọ̀dún fíìmù kan tó ń jẹ́ iREP wà ní Èkó látọdún 2011, fíìmù báyìí ni tiwọn, kì í ṣe ti eré. Tó bá sì di pé o fẹ́ gba owó lẹ́nu ọ̀nà, àjọ tó ń yẹ fíìmù wò tí òfin 1993 dá sílẹ̀ gbọ́dọ̀ rí i ná.

"Ẹ kú iṣẹ́ o, aya wa. Olùkọ́ iṣẹ́ ọnà ni mí, mo ti fẹ̀yìn tì, ọmọ ọdún 61. Láínò ni mò ń gbẹ́ tí mo fi ń tẹ àwòrán. Tamale ní Gáná ni wọ́n bí mi sí, ọmọ ọdún márùn-ún ni mí nígbà tí wọ́n lé wa wálé ní 1969. Kí bàbá wa tó kú ni wọ́n tó sọ fún mi pé àwọn fi ìyàwó kan sílẹ̀ níbẹ̀, ará ibẹ̀ ni, pẹ̀lú ọmọ méjì. Mo fẹ́ lọ wá wọn, kí n sì ya ìrìn àjò náà ní fíìmù. Àwọn àbúrò mi ní àṣírí ilé ni mo fẹ́ tú. Yàtọ̀ síyẹn, a ò ní fọ́tò kankan láti Gáná, báwo ni mo ṣe máa fi 1969 hàn?"
Ọmọ Àtọ̀húnrìnwá, Ọ̀fà

Ẹ̀gbọ́n mi, mo kí yín, ẹ kú ìrántí. Ẹ jẹ́ kí n bẹ̀rẹ̀ látẹ̀yìn torí ibẹ̀ ló rọrùn. Ẹ ò ní fọ́tò, àmọ́ ẹ ní ọ̀bẹ ìgbẹ́-láínò! Ẹ gbẹ́ ẹ. Ọkọ̀ akẹ́rù, ẹrù lórí ẹrù, ọmọ ọdún márùn-ún tí kò mọ ibi tí wọ́n ń lọ, ẹ tẹ̀ ẹ́ síwèé bẹ́ẹ̀, ẹ ya ọwọ́ yín níbi tẹ́ ẹ ti ń gbẹ́ ẹ. Àwọn kan á ní kẹ́ ẹ jẹ́ kí kọ̀ǹpútà ya fọ́tò àtijọ́ fún yín, ẹ má gbà, irọ́ tó jọ òótọ́ ni, bẹ́ẹ̀ láínò ò pe ara ẹ̀ ní fọ́tò.

Ẹ̀yin mọ̀ ju èmi lọ pé kì í ṣe ilé yín nìkan. Ọjọ́ 18 oṣù kọkànlá 1969 ni ìjọba Busia, olórí ìjọba Gáná nígbà yẹn, pàṣẹ, ọ̀sẹ̀ méjì ni wọ́n fún àjèjì tí kò níwèé, àwọn ará Ọ̀fà, Ìlọrin, Ògbómọ̀ṣọ́, Èjìgbò tó ti ń ṣòwò níbẹ̀ látọdún gbọọrọ, inú wọn ni. Ẹni tó jẹ́ ọmọ ogún ọdún nígbà yẹn ti lé ní àádọ́rin báyìí. Ẹ tètè lọ bá wọn kí wọ́n tó lọ, ẹ má bi wọ́n ní ìtàn ìjọba, ẹ bi wọ́n pé kí ni wọ́n gbọ́ lálẹ́ ọjọ́ tí wọ́n ń dirù, ta ló ń sunkún, èdè wo ni wọ́n fi ń bá ara wọn sọ̀rọ̀ nínú ọkọ̀.

Àwọn àbúrò yín wá ńkọ́. Lójú tèmi, àwọn kọ́ ni ẹni àkọ́kọ́ tó yẹ kó gbà tàbí kó kọ̀. Àwọn méjì tó wà ní Tamale, tí wọ́n bá ṣì wà láyé, wọ́n ti dàgbà bíi yín, ó ṣeé ṣe kí wọ́n ti sọ fún àwọn ọmọ wọn pé bàbá àwọn kú, tàbí pé kò sí irú ẹni bẹ́ẹ̀ rí. Àṣírí yẹn, tiwọn náà ni. Kẹ́ ẹ wá gbé kámẹ́rà kan ilẹ̀kùn wọn láìròtẹ́lẹ̀ torí pé ojú wọn á dára nínú fíìmù, ẹ̀gbọ́n, ìyẹn ò dáa, mo mọ̀ pé àwọn onítẹlifíṣọ̀n máa ń ṣe é. Ẹ rán ẹnì kan tó gbọ́ Dagbani tàbí Hausa lọ ná, pẹ̀lú lẹ́tà, láìsí kámẹ́rà. Tí wọ́n bá ní àwọn ò fẹ́ rí yín, ẹ máa ní fíìmù síbẹ̀, ó kàn máa jẹ́ fíìmù ọkùnrin tó wà ní Ọ̀fà tó ń gbẹ́ ojú àwọn tí kò rí rí.

Nǹkan kan ṣoṣo tẹ́ ẹ lè ṣe lónìí: ẹ jókòó síbi tó dákẹ́, ẹ tan fóònù, ẹ sọ gbogbo ọ̀rọ̀ Gáná tó ṣẹ́ kù sí yín lẹ́nu, orin ọmọdé ni o, èébú ni o, orúkọ oúnjẹ ni o, bó bá tilẹ̀ jẹ́ mẹ́rin péré. Ẹ fi í sínú lẹ́tà tó ń lọ sí Tamale. Tí wọ́n bá fèsì, ẹ jọ̀wọ́, ẹ jẹ́ kí n gbọ́.